Bàbá Ọ̀gán, Olú Ẹ̀yìnkùlé Àṣàbí

Àlọ́ o!

Àlọ̀ọ̀!

Ẹ fa ẹní yín sún mọ́ ibí. Ẹni tó bá fẹ́ sunkún kó yáa sun ún tán nísinsìnyí, ẹ̀rín la fẹ́ rín. Àlọ́ mi gbéra ńlẹ̀, ó ń yí gbìrìgbìrì, ó yí lọ sẹ́yìnkùlé Àṣàbí amọ̀kòkò ní Ìlọrin, ó forí sọ òkìtì ọ̀gán, ó sì bá olú kan nínú rẹ̀ tó ń sọ̀rọ̀ bí èmi àti ẹ̀yin.

Bàbá Ọ̀gán ni wọ́n ń pè é. Ó ti lọ. Ọlọ́run tó dá a ló mọ ibi tí olú ń lọ tó bá kú. Ṣùgbọ́n títí di òní, kò sí ẹni tó máa dárúkọ rẹ̀ ládùúgbò náà tí kò ní í kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, ọ̀rọ̀ tó sì máa ń ṣáájú lẹ́nu wọn ni ti ọjọ́ tí wolé-wolé kí òkìtì ọ̀gán ní sálámà.

Ìgbà tí òyìnbó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni. Àjẹ́lẹ̀ ti yan àwọn wolé-wolé tí ń wọ agboolé kiri, wọ́n ń yọjú sínú àmù, wọ́n ń fi ọ̀pá tú ààtàn wò. Èyí tó ń bọ̀ lọ́dọ̀ Àṣàbí ń jẹ́ Àúdù. Ọmọlúàbí ni, ó ń kírun rẹ̀ lásìkò, ṣùgbọ́n bó bá ti wọ ṣòkòtò kàkí yẹn, a máa rìn bí ẹni tó gbé òpó mì.

Gàní ló lọ pè é wá. Gàní yìí ni àbúrò ọkọ Àṣàbí, òun ló sì di olórí agboolé nígbà tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ kú. Ó kórìíra ọ̀gán náà dé góńgó.

"Ẹ wò ó, Bàbá Wolé-wolé," ni Gàní wí. "Òkìtì ọ̀gán láàárín ilé! Ikán á jẹ òrùlé wa tán, àjà á já lù wá lójú oorun. Ẹ jẹ́ ká hú u."

Àṣàbí jókòó ti ìkòkò tó ń mọ lọ́wọ́, amọ̀ dé e ní ìgbọ̀nwọ́, kò lè fọhùn. Ọkọ rẹ̀ ti kú, kò bímọ, ìyàwó ilé kì í sì í gbójú sókè wo olórí ilé. Nínú gbogbo agboolé yẹn, ohùn kan ṣoṣo ló ń bi í láàárọ̀ pé, Àṣàbí, ṣé o sùn dáadáa? Inú ọ̀gán ni ohùn náà sì ti ń jáde. Bí wọ́n bá hú u, ta ló kù?

Àúdù gbé ọkọ́ sókè. Bẹ́ẹ̀ ni ẹnì kan fọhùn, bí ẹni tó ki orí bọ inú ìkòkò.

"Wolé-wolé, ṣé mùsùlùmí ni ọ́?"

Ọkọ́ dúró lófurufú. "Alihamdulilahi, mùsùlùmí ni mí," ni Àúdù dáhùn, ó ń wò yíká.

"Ìyàwó rẹ ńkọ́? Ṣé ó ń jáde?"

"Èwo ni kó jáde! Ẹlẹ́hàá ni Hadiza. Ojú ọkùnrin mìíràn ò tíì tó o láti ọjọ́ tí mo ti gbé e wọlé."

"Ó dára bẹ́ẹ̀. Ẹlẹ́hàá kan wà nínú ilé yìí náà. Ìyá ikán ni. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti mọ iyàrá rẹ̀ yí i ká, kò fojú kan oòrùn mọ́. Ọkọ rẹ̀ wà lọ́dọ̀ rẹ̀ níbẹ̀. Ọkọ kan, aya kan. Ìwọ wá fẹ́ fi ọkọ́ ya ògiri mọ́ obìnrin onílé lórí, láìsálámà?"

Àúdù wo Gàní. Gàní wo Àúdù. Àwọn obìnrin tó wà lẹ́nu ọ̀nà ti ń fi ìborùn bo ẹnu.

"Ẹ má dá a lóhùn!" Gàní fi ìbínú pariwo. "Olú ni!"

"Olú ni mo jẹ́ lóòótọ́," ni ohùn náà wí, "ṣùgbọ́n èmi ò wó ilé ẹlẹ́hàá rí."

Ni Àúdù bá rọra gbé ọkọ́ sílẹ̀. Ó bọ́ bàtà. Ó tún fìlà pupa rẹ̀ ṣe, ó fẹ̀gbẹ́ dúró bó ti yẹ kí ọkùnrin dúró lẹ́nu ilé onílé, kí ojú rẹ̀ má baà ṣáájú rẹ̀ wọlé. "Sàláámù aleikum." Kò sí ẹni tó dáhùn. Ó tún un wí. Kẹ́kẹ́ pa. Ó wí i lẹ́ẹ̀kẹta. Bàbá Ọ̀gán tí ẹnu rẹ̀ kì í sinmi, ńṣe ló dákẹ́ bí òkúta odò. Ẹ̀yin náà kúkú mọ̀ pé ẹni tó bá sálámà lẹ́ẹ̀mẹta tí onílé kò dá a lóhùn, ilé rẹ̀ ló ń padà sí. Àúdù ní òun á lọ bi àwọn ọ̀gá òun, òun á padà wá lẹ́yìn ìtúnu ààwẹ̀. Ó sì fi ẹ̀yìn rìn jáde, bàtà lọ́wọ́, kó má baà dà bí ẹni tó kẹ̀yìn sí ìyàwó oníyàwó.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí Àṣàbí ṣe mọ Bàbá Ọ̀gán fún yín, kí ẹ lè mọ ohun tó ń bà á lẹ́rù.

Kò pẹ́ tó jáde opó ni. Ó fẹ́ tún ààrò rẹ̀ mọ, ilẹ̀ ọ̀gán ló sì dára jù fún ààrò, iná kì í là á. Ó mú ọkọ́ lọ sẹ́yìnkùlé, ó ta ọkọ́ lu òkìtì náà gbì.

"Yéè! Rọra o! Àyà ẹni nìyẹn!"

Àṣàbí ju ọkọ́ nù, ó sá dé ẹnu ọ̀nà ìta. Ẹnu ọ̀nà ìta ló ti rántí pé òun ò ní ẹni tí òun fẹ́ sá lọ bá. Ló bá padà.

"Ta ni yín?"

"Olú ni mí. Èyí tí ẹ máa ń rí lókè nígbà òjò, fìlà mi ni. Èmi gan-an wà nísàlẹ̀ níbí, mo tẹ́ bí ẹní."

"Kí lẹ wá ń ṣe níbẹ̀?"

"Oúnjẹ ni mò ń sè. Ikán á gé igi wá, wọ́n á rún un, wọ́n á tò ó síwájú mi, èmi á sè é rọ̀ fún wọn, nítorí inú wọn kò lè da igi. Èmi náà, tí wọn ò bá gbé e wá, kí ni mo fẹ́ jẹ? Àwọn ni ẹsẹ̀ mi, èmi ni ikùn wọn."

"Òrùlé mi ni wọ́n mà ń gé!"

"Àwọn ọmọ yẹn fọ́jú, wọn ò mọ̀ pé ilé ẹnì kan ni. Mo lè bá wọn sọ ọ́. Àmọ́ kí lẹ máa fún wa dípò?"

Àṣàbí gbé ẹrù igi ayín wá.

"Igi ayín kẹ̀! Ṣé ẹ fẹ́ kí eyín àwọn ọmọ ọlọ́mọ kán ni?"

Ó gbé pòròpórò ọkà bàbà wá. Bàbá Ọ̀gán ní àwọn ikán ní ó ti gbẹ jù. Ó wọ́n omi sí i. Wọ́n ní omi ti pọ̀ jù. Ó sá a sóòrùn. Wọ́n ní ó dára, ṣùgbọ́n kí lẹ máa fi ta á lẹ́nu? Ṣùkù àgbàdo. Kí lẹ máa fi lé e? Kó tó di àsìkò ìrun ọ̀sán, Àṣàbí ti gbé ọmọrí odó àti àpótí ìjókòó kan tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kán sílẹ̀, Bàbá Ọ̀gán sì ń fi ohùn pẹ̀lẹ́ béèrè bóyá kò sí nǹkan dídùn díẹ̀ nínú ilé, bí àtẹ ìyá ọkọ.

Wọ́n jọ fẹnu kò. Láti ọjọ́ náà, eyín ikán kan kò kan òrùlé Àṣàbí mọ́. Àṣàbí rò pé òrùlé lòun rà, kò mọ̀ pé alábàárò ni wọ́n fi ṣe ènì fún òun.

Ìtàn ló tún fẹ́ràn jù. Bí Àṣàbí bá ti jókòó tó ń fi ṣùkù dán ara ìkòkò, òun á bẹ̀rẹ̀. Ó ní òun ti wà níbẹ̀ kí wọ́n tó mọ odi ìlú. Ó ní ní ọjọ́ ogun kan, ẹṣin tẹ òun ní fìlà; ẹṣin ló tọrọ gáfárà, ẹni tó gùn ún ni kò tọrọ.

Nígbà òjò, tí fìlà rẹ̀ bá yọ fùrùfùrù, Asabe ẹlẹ́fọ̀ọ́ tó ń pàtẹ ní ọjà Ipata á wá rà lára rẹ̀ fún àwọn ọlọ́bẹ̀. Bàbá Ọ̀gán kì í gba owó. Kí ló fẹ́ fi owó ṣe? Ìròyìn ló ń gbà.

"Ìròyìn wo lo mú wá?"

"Bàbá, ewúrẹ́ kan jẹ aṣọ aláṣọ lọ́jà."

"Ewúrẹ́ ń jẹ aṣọ lójoojúmọ́ ayé. Mú kékeré tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ yẹn."

"Háà, Bàbá! Aṣọ ìgbéyàwó mà ni!"

"O ò tètè wí? Mú ńlá kan. Rọra fà á, orí mi nìyẹn."

Lọ́jọ́ kan Asabe mú ìròyìn kan wá tó rò pé òun á fi kó gbogbo fìlà ilẹ̀ náà lọ. Ó ní àwọn òyìnbó ti gbé ọkọ̀ ojú irin dé Ìlọrin.

"Irin kì í rìn," ni Bàbá Ọ̀gán wí. "Dá ìròyìn yẹn padà síbi tó o ti gbà á."

"Mo fojú mi rí i, Bàbá! Ó gùn láti ibí dé ọjà. Ó ń jẹ igi, ó ń mu omi, ó ń ru ẹrù, ó sì ń tò tẹ̀lé ara rẹ̀ lọ lójú ọ̀nà kan náà."

Bàbá Ọ̀gán wá ń bi í léèrè.

"Ó ń jẹ igi?"

"Ó ń jẹ igi."

"Ó ń ru ẹrù, ó ń tò tẹ̀lé ara rẹ̀?"

"Bẹ́ẹ̀ ni mo wí."

"Ikán ni nìyẹn. Ikán ńlá ni. Asabe, bó o bá padà débẹ̀, bá mi kí olú tó ń dáná fún un, kó o sọ fún un pé iṣẹ́ rẹ̀ pọ̀ ju tèmi lọ."

Asabe kó gbogbo fìlà lọ lọ́jọ́ náà. Àwọn kan ní ó jíṣẹ́ náà lóòótọ́, ó dúró létí ọkọ̀ ojú irin, ó kúnlẹ̀, ó kí i.

Ìgbà tí ó kù díẹ̀ kí Àúdù padà wá wá le fún Àṣàbí. Gbogbo ìkòkò tó ń mọ nínú ààwẹ̀ yẹn, ẹnu wọn ń wọ́ sápá kan.

"Èwo tún ni èyí?" ni Bàbá Ọ̀gán ń bi í. "Ìkòkò tó ń yínmú sí ẹni tó fẹ́ rà á?"

"Bàbá, ẹ̀rù ń bà mí. Ẹ lọ bẹ Gàní."

"Mo ti bẹ̀ ẹ́, má mà rò pé mi ò bẹ̀ ẹ́. Mo ní kó mú pòròpórò tiẹ̀ wá ká jọ ṣe àdéhùn. Ṣé o mọ ohun tó sọ fún mi? Ó ní, 'Èmi Gàní, kí n bá nǹkan ọbẹ̀ ṣe àdéhùn!'"

Bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ ni Gàní yọ, ètè rẹ̀ funfun fún ààwẹ̀.

"Máa sọ tẹnu rẹ," ló wí fún ọ̀gán. "Bí a bá ti túnu báyìí, ó bùṣe. Ìwọ tí o kì í gbààwẹ̀, tí o kì í kírun."

"Èmi ni mi ò gbààwẹ̀? Ẹ̀yin ń gba oṣù kan, ẹ sì ń jí jẹ sààrì. Gbogbo ẹ̀ẹ̀rùn lèmi fi ń gba tèmi, mi ò ní í yọ fìlà ẹyọ kan. Àfi bí òjò àkọ́rọ̀ bá rọ̀ ni mò ń ṣínu. Gàní, ta ló yẹ kó kí ẹnì kejì kú oríire ààwẹ̀ nínú wa?"

Gàní kẹ̀yìn sí i. Ó yára wọ iyàrá rẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ ló tú àṣírí nígbà tó yá, pé ẹ̀rín ló sá lọ rín.

Ìtúnu kọjá. Àúdù padà wá, kàkí rẹ̀ tún le ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, àwọn ọkùnrin sì tẹ̀lé e pẹ̀lú ọkọ́. Ó dúró jìnnà díẹ̀ sí ọ̀gán, nítorí ẹlẹ́hàá.

"Ohun tí àwọn ọ̀gá mi wí rèé," ni Àúdù kéde. "Ẹ̀sùn ikán ni Gàní fi sùn. Bí ikán bá ń jẹ òrùlé ilé yìí, kí ọ̀gán lọ. Bí kò bá jẹ ẹ́, kí onílé inú ọ̀gán jókòó sílé rẹ̀."

Ayọ̀ gbé Gàní fò. "Ọ̀rọ̀ tán! Ẹ wá wo tèmi!" Ó mú wọn wọ iyàrá, ó na ọwọ́ kan igi àjà kan. Igi náà rún sí i lọ́wọ́ bí àádùn, ekuru rẹ̀ sì bo fìlà pupa Àúdù di funfun. Àwọn ọkùnrin gbé ọkọ́ lé èjìká. Àṣàbí fi ọwọ́ amọ̀ bo ojú.

"Wolé-wolé," ni Bàbá Ọ̀gán pè láti ìsàlẹ̀. "Ilé kì í ṣe iyàrá kan. Dákun, wo ti obìnrin yẹn náà."

Ògiri kan ló pín iyàrá méjèèjì. Àúdù wọ ti Àṣàbí, ó fi ọ̀pá gún àjà. Ó dún kọ̀ọ̀. Ó gún òmíràn. Kọ̀ọ̀. Ó lọ sí iyàrá Gàní, ó padà wá. Ó wo ìhà ìhín, ó wo ìhà ọ̀hún.

"Ikán kan náà ni?" ló béèrè.

"Ikán kan náà ni," ni Bàbá Ọ̀gán wí. "Àṣàbí bá wa ṣe àdéhùn. Gàní kò ṣe."

"Gàní, ṣé wọ́n fi àdéhùn lọ̀ ọ́?"

Gàní ń họ orí. "Wọ́n fi lọ̀ mí."

"O kọ̀?"

"Olú mà ni, Bàbá Wolé-wolé!"

Àúdù bọ́ fìlà rẹ̀, ó gbọn ekuru àjà Gàní kúrò lára rẹ̀. "Mo ti wọ ọ̀pọ̀ agboolé nínú ìlú yìí," ló wí, "àdéhùn tí àwọn ènìyàn bíi tìrẹ bá ara wọn ṣe, mi ò tíì rí èyí tó dún kọ̀ọ̀ bẹ́ẹ̀. Ọ̀gán dúró. Ìwọ, yáa lọ ná ọjà rẹ kí àjà tó kù tó wó."

Bí Gàní ṣe lọ lóṣòó síwájú ọ̀gán nìyẹn, lójú gbogbo ilé.

"Kí lo fẹ́?"

"Pòròpórò bíi ti Àṣàbí."

"Mo gbà. Ó tán?"

"Kò tán. Kó o máa kí mi láràárọ̀."

"Èmi? Kí n máa kí olú?"

"Àjà rẹ ń dún, Gàní. Mò ń gbọ́ ọ láti ìsàlẹ̀ níbí."

"Ó dára, ó dára! Màá máa kí ọ. Ó tán wàyí?"

"Ó ku ẹyọ kan. Kó o tó kí mi, kó o kọ́kọ́ kí Àṣàbí. Kó o bi í bóyá ó sùn dáadáa, kó o sì dúró gbọ́ èsì."

Gàní yíjú wo Àṣàbí. Àṣàbí yára tẹ orí ba ìkòkò. Látìgbà tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ti kú, Gàní kò tíì wo obìnrin náà lójú bẹ́ẹ̀ rí, ó sì dà bí ẹni pé ojú tì í.

"Mo gbà," ló wí, ohùn rẹ̀ ti rẹlẹ̀.

Lọ́jọ́ kìíní, ó kí i bí ẹni tó ń gé igi: "Ìyàwó-wa-ṣé-o-sùn-dáadáa." Nígbà tó ṣe díẹ̀, ó ń gbé àpótí wá. Nígbà tó tún pẹ́ sí i, ẹ̀kọ gbígbóná ti ń bá àpótí wá, ìyàwó rẹ̀ náà ti ń tẹ̀lé e, Gàní àti Bàbá Ọ̀gán á sì máa jiyàn títí oòrùn á fi mú. Àjà rẹ̀ kò rún mọ́. Ṣùgbọ́n ìgbà kan wà tí Gàní mú pòròpórò jíjẹrà wá láti rẹ́ Bàbá Ọ̀gán jẹ. Nígbà tó jí lọ́jọ́ kejì, ikán ti jẹ ẹsẹ̀ kan péré lára àpótí rẹ̀, ẹsẹ̀ yòókù wà digbí. Òun fúnra rẹ̀ ló ń sọ ọ́ kiri ọjà, tó ń rín in títí omi á fi yọ lójú rẹ̀.

Ọdún gorí ọdún. Lẹ́yìn ẹ̀ẹ̀rùn kan, òjò rọ̀, fìlà kò yọ. Àṣàbí lọ jókòó tì í.

"Bàbá, ṣé kò sí?"

"Ìyá ikán ti lọ," ni Bàbá Ọ̀gán wí. Ohùn rẹ̀ ti jìnnà. "Ọkọ rẹ̀ tẹ̀ lé e. Kò sí ọmọ tuntun mọ́, àwọn àgbà tó kù ń rẹ̀ díẹ̀díẹ̀."

"Ọ̀gán mìíràn wà lójú ọ̀nà oko. Ẹ jẹ́ kí n fi ìkòkò bù yín lọ síbẹ̀."

"Kí n wá lọ máa dáná fún àjèjì? Àṣàbí, ọwọ́ àwọn ọmọ yìí ni mo mọ̀. Wọ́n ti bá mi gbé igi pẹ́."

Nígbà tí Gàní gbọ́, ó gbéra, ó kó pòròpórò tó dára jù nínú oko rẹ̀ wá, ó gbé e kalẹ̀. Ó padà lọ gbé odó ìyá rẹ̀ wá. Ó wọlé, ó yọ ilẹ̀kùn iyàrá ara rẹ̀, ó gbé e lé e lórí. Ó lóṣòó.

"Ó dáa, ìwọ olójúkòkòrò yìí," ló wí. "Kí lo fẹ́ gbà kó o má lọ? Dá a lé mi lórí. Mi ò ní í ná an."

Wọ́n dúró. Gbogbo agboolé ń retí kó ní pòròpórò ti gbẹ jù, tàbí kó béèrè àtẹ ìyá ẹnì kan.

"Kò sí nǹkan, Gàní," ni Bàbá Ọ̀gán wí. "Ó tó. O ti san án tán."

Ìgbà náà ni Gàní bú sẹ́kún, àgbàlagbà ọkùnrin, níwájú àwọn ìyàwó ilé. Ó ti bá Bàbá Ọ̀gán ná ọjà láti ọdún wọ̀nyí wá, kò sì gbọ́ kó sọ pé ó tó rí. Àṣàbí na ọwọ́ amọ̀ rẹ̀, ó gbé e lé e léjìká, wọ́n sì jọ jókòó síbẹ̀ títí tí wọn ò fi gbọ́ nǹkan kan mọ́ láti ìsàlẹ̀.

Ilẹ̀kùn yẹn, Gàní kò gbé e padà sí iyàrá rẹ̀. Wọ́n ní ó sùn láìnílẹ̀kùn títí òjò ọdún yẹn fi tán. Bí wọ́n bá sì bi í léèrè, á ní ẹni tí òun gbé e fún kò tíì dá a padà, òun kì í sì í ṣe ẹni tí ń dani láàmú.

Ó tó. Iná ti ń rẹ̀, ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri yẹn ti ń hanrun. Ìwọ, gbé àbúrò rẹ, má fà á lọ́wọ́. Ta ló ń béèrè bóyá olú inú ọbẹ̀ alẹ́ yìí náà ń sọ̀rọ̀? Bó bá ń sọ̀rọ̀, o ò bá ti gbọ́ ọ, nítorí ìwọ lo jẹ ẹ́ jù. Ẹ ká ẹní, ẹ lọ sùn. Ọlọ́run á jí wa ire.